Eyín Inú Àpótí Bàbá Oníkànga

Bàbá bàbá mi kì í mu omi kànga tuntun láìjẹ́ pé wọ́n ti kọ́kọ́ tọ́ ilẹ̀ ibẹ̀ wò. Wọ́n á bu erùpẹ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gòkè sí àtẹ́lẹwọ́, wọ́n á fi ahọ́n kàn án, wọ́n á dijú bí ẹni tó ń wá iyọ̀ nínú ọbẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n á tutọ́ dànù, wọ́n á ní amọ̀ ló kàn, tàbí pé yanrìn ń bọ̀. Ojú máa ń tì mí nígbà tí mo wà ní kékeré. Àwọn ọmọ kíláàsì mi á ní bàbá àgbà wa ń jẹ erùpẹ̀, èmi náà á sì bá wọn jà, àgàgà torí pé òótọ́ ni wọ́n sọ.

Bàbá Oníkànga ni gbogbo Ìwó ń pè wọ́n. Àwọn ẹgbẹ́ wọn nìkan ló ń pè wọ́n ní Súlè. Nígbà tí ara ò gbé àtisọ̀kalẹ̀ sínú kànga mọ́, àwọn tó ń kọ́lé á fi ọ̀kadà wá gbé wọn, wọ́n á gbé àga fún wọn sí etí kòtò, iṣẹ́ tí wọ́n bá wá ṣe níbẹ̀ ò ju kí wọ́n máa tọ́ erùpẹ̀ wò lọ.

Látìgbà tí wọ́n ti lọ ni àwọn ará ilé ti ń dà mí láàmú pé kí n kọ ìtàn ayé wọn, torí pé èmi ni tíṣà láàárín wa: ọdún tí wọ́n bí wọn, àwọn ìyàwó tí wọ́n fẹ́, ìgbà tí wọ́n lọ sí Mẹ́kà. Mi ò ní kọ ọ́. Ẹni tó bá fẹ́ ìyẹn, kó lọ bá ẹ̀gbọ́n bàbá mi, Bàbá Ráfíù, gbogbo ẹ̀ ló wà lórí wọn. Èmi, eyín kan ló ń jẹ mí lọ́kàn. Inú àpótí Bàbá la ti bá a, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ ba orúkọ wọn jẹ́ kí ọjọ́ kẹjọ ikú wọn tó pé. Ó wà níwájú mi lórí tábìlì bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí. Màá dé orí ẹ̀. Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ irú ẹni tí wọ́n jẹ́ ná.

Ojú fèrèsé yàrá Bàbá kún fún ìgò kọfí tí kọfí ti tán nínú ẹ̀. Ìgò kan, kànga kan. Bí wọ́n bá ṣe ń gbẹ́lẹ̀ lọ, wọ́n á máa di díẹ̀díẹ̀ nínú gbogbo ilẹ̀ tí wọ́n bá pàdé sínú bébà. Tí kànga bá parí, wọ́n á wá dà á sínú ìgò láti ti ìsàlẹ̀ wá sí ti òkè, kó lè dúró bó ṣe dúró nínú ilẹ̀ gan-an. Àwọn ìgò Ìwó jọra wọn: ilẹ̀ dúdú lókè, ilẹ̀ pupa, yangí, lẹ́yìn náà òkúta. Ìgò kan ṣoṣo ló yàtọ̀, ìkángun ló sì máa ń wà, níbi tí oòrùn kì í dé. Amọ̀ aláwọ̀ eérú ló kún inú ẹ̀. Yanrìn fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ gba àárín ẹ̀ kọjá, ìkarahun funfun wẹ́wẹ́ tí kò tó èékánná ọmọ ọwọ́ sì wà nínú yanrìn yẹn.

Mo tó ọmọ ọdún mẹ́sàn-án nígbà tí mo bi wọ́n pé kànga ibo nìyẹn. Wọ́n ní ti Òkè Ọya ni, lápá Bọ̀rnó, níbi tí adágún Ṣáàdì ti fà sẹ́yìn. Mo ní kí ni ìkarahun ń wá nínú kànga. Wọ́n wò mí títí, inú wọn ń dùn.

"Àjíkẹ́," wọ́n fi oríkì mi pè mí, "ohun tí èmi náà bi ilẹ̀ nìyẹn."

Ìgbà èwe wọn ni wọ́n lọ síbẹ̀, àwọn àti Alfa Lásísì, ọmọ ìlú Olúpọ̀nnà tó wà nítòsí Ìwó, tí wọ́n jọ kọ́ kéú. Bàbá ló ń gbẹ́lẹ̀ nísàlẹ̀, Alfa ló ń fa okùn lókè. Tí iṣẹ́ bá dáwọ́ dúró, Alfa á máa kọ́ àwọn ọmọ abúlé ní Kùránì. Bàbá ní ilẹ̀ ibẹ̀ gbẹ débi pé àwọn obìnrin ń fi ìdajì ọjọ́ rìn lọ pọn omi. Ṣùgbọ́n bí àwọn ṣe ń lọ sísàlẹ̀ ni àwọn ń rí egungun ẹja. Lẹ́yìn ẹja, ìkarahun alábahun tó tóbi tó ọpọ́n, tó dojú dé. Lẹ́yìn alábahun, eyín ọ̀nì lórí ìlà, dúdú kirikiri, gbogbo ẹ̀ sì wúwo bí òkúta. Ọ̀nà ọ̀fun Bàbá ti gbẹ, wọ́n ń lá ètè, wọ́n sì dúró síbi tí ọ̀nì ti lúwẹ̀ẹ́ rí. Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá sọ ìtàn yìí ni wọ́n máa ń parí ẹ̀ bákan náà: "Ọ̀nì wà níbẹ̀. Omi ni ò sí."

Ẹ má bi mí bí mo ṣe dé ìdí ẹ̀kọ́ bàọ́lọ́jì. Ìgò yẹn ni. Nígbà tí mo wọ yunifásítì, ilé ìkàwé ni mo kọ́kọ́ sáré lọ, mo sì padà wálé pẹ̀lú ìgbéraga. Mo jókòó ti Bàbá, mo ṣàlàyé fún wọn pé adágún yẹn ti fẹ̀ ju báyìí lọ lọ́nà púpọ̀ láyé àtijọ́, pé ẹranko tó bá kú sínú ẹ̀ á rì, ẹrẹ̀ á bò ó, omi tó ń gba inú ẹrẹ̀ á sì máa fi òkúta dípò egungun díẹ̀díẹ̀ fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún, títí egungun á fi di òkúta. Wọ́n gbọ́ gbogbo ẹ̀ láìdá sí i. Wọ́n wá ní tó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ló dé tí alábahun fi dojú dé, ta ló yí i padà? Òjò ọdún mélòó ló ń kó ẹrẹ̀ tó nípọn tó ìka kan jọ? Ọ̀nì àti ẹja tó jẹ, ta ló kọ́kọ́ kú? Mo ní mi ò mọ̀. Mo rò pé wọ́n á fi mí rẹ́rìn-ín, àmọ́ ńṣe ni wọ́n fa àga wọn sún mọ́ mi. Wọ́n ní, "Èyí tí o ò mọ̀ yẹn ló dùn mọ́ mi jù nínú gbogbo ohun tí o sọ."

Wọ́n lágídí, mi ò ní purọ́. Ní gbogbo kànga tí wọ́n gbẹ́ ní Ìwó àti agbègbè ẹ̀ (Olúpọ̀nnà nìkan ni wọn kì í dé), wọ́n á fi ọwọ́ fọ́ amọ̀ wẹ́wẹ́, wọ́n á máa wá egungun inú ẹ̀. Wọ́n ṣe é títí tó fi ń bí mi nínú. Lọ́jọ́ kan ní Kuta, níṣojú àwọn òṣìṣẹ́, mo fọhùn sí wọn pé, Bàbá, orí àpáta la wà níbí, kò sí adágún níbí rí, ẹ sinmi. Ó burú, mo mọ̀. Ìyá mi fẹ́rẹ̀ẹ́ gbá mi létí nígbà tí wọ́n gbọ́. Ohun tí Bàbá ti rí nínú gbogbo kànga yẹn ò ju àfọ́kù ìkòkò, ọlọ kan, àti egungun ewúrẹ́ tí ẹnì kan sọ nù. Àmọ́ wọn ò bínú sí mi. Wọ́n tún bu amọ̀ míì. "Mi ò ní ó wà níbẹ̀," wọ́n ní. "Mo ní kí n wò ó."

Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo rí ìbínú wọn. Mo tó ọmọ ọdún méjìlá. Wọ́n ń gbẹ́ kànga lẹ́yìn ilé wa, mo sì rí i láàárọ̀ pé okùn garawa ti já lójú kan, ó ku díẹ̀ tó dì í mú. Bàbá Ráfíù ló ń bójú tó okùn, mo sì fẹ́ràn wọn, àwọn ló máa ń ra mósà fún mi. Mi ò fẹ́ kí wọ́n bá wọn wí, mo panu mọ́. Lọ́sàn-án, okùn já, garawa tó kún fún òkúta já lọ sísàlẹ̀, ó bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹni tó wà nínú kànga. Ọlọ́run ló yọ ọ́. Nígbà tí Bàbá gbọ́ pé mo ti rí i láti àárọ̀, wọn ò lù mí. Wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, wọ́n di okùn tó já náà mú. "Ohun tí ojú ẹ bá rí, ọjọ́ tó rí i ni kí ẹnu ẹ sọ ọ́. Tó bá di ọjọ́ kejì, kò ní ṣeé sọ mọ́." Ọdún pọ̀ tí mo fi rò pé ọ̀rọ̀ okùn ni wọ́n ń bá mi sọ.

Ìjà kan tún wà. Kí wọ́n tó bí mi ni Bàbá àti Alfa Lásísì ti yodì. Àwọn méjì tó jọ mu omi nínú kẹ́rẹ́gbè kan ṣoṣo ní Bọ̀rnó ò jọ jẹun Iléyá mọ́. Alfa di alfa ńlá ní Olúpọ̀nnà, wàásì wọn a máa wà lórí rédíò nínú oṣù ààwẹ̀. Bàbá á rẹ rédíò sílẹ̀, wọ́n á gbé etí lé e. Tí èèyàn bá wọlé, wọ́n á yára yí i sí ìròyìn. Mo ká wọn mọ́ ọn nígbà tó pọ̀. Lọ́jọ́ kan mo ní, Bàbá, kí ni Alfa ṣe fún yín? Wọ́n pa rédíò. "Kò ṣe nǹkan kan fún mi. Èmi ni mo ṣe é." Ó parí síbẹ̀, mo bẹ̀ wọ́n títí.

Bàbá kú nírọ̀lẹ́, lórí àga, lẹ́yìn ìrun àsárì, a sì sin wọ́n kó tó di ìrun mọ̀ngàrí. Ọlọ́run á fi Àlùjánnà kẹ́ wọn. Lọ́jọ́ kẹrin, Bàbá Ráfíù ṣí àpótí wọn láti mọ ohun tí wọ́n fi sílẹ̀. Nísàlẹ̀ pátápátá, lábẹ́ agbádá Mẹ́kà wọn, aṣọ funfun kan wà níbẹ̀ tó ti pọ́n, wọ́n dì í lójú mẹ́ta bí a ṣe ń di òkú. Èmi ni mo tú u. Eyín kan ló wà nínú ẹ̀, ó tẹ̀ kọrọdọ, àwọ̀ ẹ̀ ń dú ó ń pọ́n, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gùn tó ọwọ́ mi láti ọrùn ọwọ́ dé ṣóńṣó ìka, ó sì wúwo.

Bàbá Ráfíù fà sẹ́yìn. Àbúrò bàbá mi obìnrin bú sẹ́kún. Kí ilẹ̀ tó mọ́ lọ́jọ́ kejì, ọ̀rọ̀ ti kúrò nínú agboolé wa. Wọ́n ní àṣé ìdí nìyẹn tí kànga Bàbá Oníkànga kì í fi í gbẹ. Wọ́n ní àṣé àwọ̀tẹ́lẹ̀ kan wà lábẹ́ agbádá Alhaji. Èèyàn tó ti ń kírun látìgbà tó ti gbọ́njú, ẹ wo bí wọ́n ṣe sọ ọ́ di olóògùn láàárín ọjọ́ kan. Inú bí mi débi pé mi ò lè jẹun.

Bàbá Ráfíù ní àwọn á ju eyín náà sínú odò Ọbà kí ọjọ́ àdúrà tó pé, àwọn ò sì ní bá ẹnikẹ́ni sọ ọ́. Mo ní eyín erinmi ni, ó ti di òkúta, Bọ̀rnó ni Bàbá ti gbé e wá, iṣẹ́ tí mo kọ́ nìyí, mo mọ ohun tí mò ń sọ. Mo ní tí ẹ bá jù ú nù, ẹ ti bá wọn jẹ́rìí sí i pé oògùn ni. Wọ́n wò mí, ojú wọn ti wú. Wọ́n béèrè ohun kan lọ́wọ́ mi pẹ̀lú sùúrù, kì í ṣe pẹ̀lú ìjà:

"Màríámù, kí ni erinmi ń wá nínú aṣọ òkú?"

Ìbéèrè gidi ni. Mo ní kí wọ́n fún mi láyè di ọjọ́ kẹjọ.

Kẹ̀kẹ́ ni mo wọ̀ lọ sí Olúpọ̀nnà, torí Alfa Lásísì nìkan ló bá Bàbá dé Bọ̀rnó. Mo bá Alfa Lásísì lórí awọ ìkírun wọn lójúde, wọ́n ti gbó gan-an, ojú wọn ṣì mọ́lẹ̀. Mo kúnlẹ̀, mo sọ ọmọ ẹni tí mo jẹ́, mo sì gbé eyín náà kalẹ̀ lórí aṣọ. Aṣọ ni wọ́n kọ́kọ́ wò, kì í ṣe eyín. Wọ́n ní ta ló tú u. Mo ní èmi ni, Bàbá. Wọ́n ní ṣé mo mọ bí wọ́n ṣe ń dì í. Mo ní mi ò mọ̀ ọ́n. Wọ́n wá dì í fúnra wọn lójú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, wọ́n gbé e lé mi lọ́wọ́, wọ́n ní kí n máa lọ sílé. Ó tán. Mo ṣàlàyé ohun tí àwọn èèyàn ń sọ, mo bẹ̀bẹ̀, wọ́n ti ń ka tẹ̀sùbáà wọn lọ. Mo sunkún nínú kẹ̀kẹ́ padà wá sí Ìwó, mo sì ṣépè fún ọkùnrin arúgbó yẹn nínú mi. Kí Ọlọ́run má ṣírò ẹ̀ mọ́ mi lọ́rùn.

Lọ́jọ́ kẹjọ, èrò kún ojúde wa, ṣùgbọ́n mo rí bí àwọn kan ṣe ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́ lẹ́yìn ọwọ́. Àwọn alfa ti ń ka Kùránì lọ nígbà tí kẹ̀kẹ́ kan dúró. Alfa Lásísì ló bọ́ọ́lẹ̀, tọ̀pátọ̀pá. Gbogbo èèyàn dìde. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún tí wọ́n ti wọ agboolé wa kẹ́yìn. Wọ́n fún Alfa láyè kí wọ́n ṣe àdúrà, Alfa ní kí n kọ́kọ́ gbé ẹrù Súlè wá. Wọ́n tú aṣọ náà fúnra wọn níṣojú gbogbo èèyàn, wọ́n gbé eyín náà sókè, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀.

Wọ́n ní ní abúlé yẹn ní Bọ̀rnó, Súlè fi agbọ̀n rán àwọn egungun kan sókè, ìhà àti egungun itan tó nípọn ju ti èèyàn òde òní lọ. Alfa fúnra wọn ló ní èèyàn ni. Wọ́n ní ìran Ádì inú Kùránì, ti ayé àtijọ́, ga ju igi lọ, bóyá ọ̀kan lára àwọn tó gba Ànábì Hùdù tí Ọlọ́run rán sí wọn gbọ́ nìyí, tó kú láìsí ẹni tó kírun sí i lára. Abúlé gbà. Wọ́n gbé aṣọ funfun wá, àwọn èèyàn ṣe àlùwàlá, wọ́n tò lẹ́yìn Alfa. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí Alfa máa ṣe ìmáàmù fún àgbàlagbà. Wọ́n pe Súlè gòkè wá. Alfa sì bi í ní ìbéèrè kan, torí pé tó bá jẹ́ ọkùnrin ló kú, ìdojúkọ orí ni ìmáàmù máa ń dúró, tó bá jẹ́ obìnrin, ìdojúkọ ìbàdí ni. Súlè ló rí egungun náà bó ṣe dùbúlẹ̀. Ọkùnrin ni àbí obìnrin?

Súlè ki ọwọ́ bọ àpò. Ó ní, "Ọkùnrin ni."

Alfa ní àwọn kírun náà tẹkún tẹkún. Àwọn ará abúlé ò gbà láti mu omi kànga tí òkú ti jáde, wọ́n ní kí wọ́n dí i, iṣẹ́ ọjọ́ mọ́kànlá wọlẹ̀, ibòmíì ni wọ́n tún lọ gbẹ́. Ọdún gorí ọdún. Lọ́jọ́ kan, Alfa wá kí Súlè nílé ní Ìwó níbí, ó bá eyín yìí lórí ibùsùn. Súlè ò lè purọ́ lẹ́ẹ̀kejì. Ó jẹ́wọ́ pé lẹ́yìn tóun rán ìhà àti itan sókè lòun rí orí ẹranko náà nínú amọ̀, tó la ẹnu pẹ̀lú eyín ńlá ńlá. Ó yọ ọ̀kan sápò láti gbé e han Alfa. Nígbà tó gòkè, ó bá gbogbo abúlé lórí ìlà, ó gbọ́ ohùn ọ̀rẹ́ ẹ̀ tó ń gbọ̀n níwájú wọn, kò lè dójú tì í. Ó gé létí aṣọ funfun náà, ó fi di eyín, torí ó ní irọ́ náà lòkú tóun gbé wálé. Alfa dìde níbẹ̀, ó jáde. Gbogbo ọdún ni Súlè ń ránṣẹ́ ẹ̀bẹ̀ sí i. Gbogbo ọdún ni Alfa ń dá ìránṣẹ́ padà.

Alfa Lásísì wo ibi tí Bàbá Ráfíù jókòó sí.

"Èmi Lásísì ni mo kírun òkú sí erinmi lára," wọ́n ní. "Súlè ò ṣoògùn. Àṣírí mi ló wà nínú àpótí ẹ̀."

Ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn, ó gbìyànjú láti gbé e mì, kò ṣeé gbé mì. Kí a tó wí, gbogbo ojúde ti ń rẹ́rìn-ín, àwọn alfa pàápàá, Alfa Lásísì náà ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń fi etí agbádá nu ojú. Bàbá Ráfíù dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú wọn. Èmi ò rẹ́rìn-ín. Ọ̀rọ̀ okùn ló ń dún létí mi, mo sì ń rí Bàbá bí wọ́n ṣe jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lọ́jọ́ yẹn.

Nígbà tí wọ́n ń pín oúnjẹ, Alfa ránṣẹ́ pè mí. Wọ́n ní àwọn ti gbọ́ pé mo mọ̀ nípa ẹranko. Wọ́n gbé eyín náà lé mi lọ́wọ́.

"Akọ ni àbí abo?" wọ́n ní. "Mo fẹ́ mọ̀ bóyá ibi tó yẹ ni mo dúró."

Mo yí i síwá yí i sẹ́yìn. Ó tóbi, eyín akọ sì máa ń tóbi ju ti abo lọ, ṣùgbọ́n abo tó dàgbà lè ní irú ẹ̀. Mo rí ojú wọn bó ṣe ń dúró de èsì, mo sì mọ èsì tó máa dùn mọ́ wọn. Ì bá rọrùn.

"Mi ò mọ̀, Bàbá."

Wọ́n mi orí.

"Ká ní ohun tí Súlè dá mi lóhùn nìyẹn níjọ́ náà," wọ́n ní, "à bá jọ darúgbó pọ̀."